Bàbá Dúdú àti Ìtàn Ṣúgà

Ojú ohun ìpanu ọmọdé lásán ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń wo bàbá dúdú. Èrò tiwa yàtọ̀. Ẹni tí ó bá tọpa ṣúgà inú rẹ̀ yóò pàdé àwọn ènìyàn wa lójú ọ̀nà.

Kí ṣúgà tó dé, oyin ni a mọ̀. Bí a tilẹ̀ se oyin títí ó fi le, kì í pẹ́ tí yóò tún fi máa lẹ̀ mọ́ni lọ́wọ́, nítorí pé ó ń fa ọ̀rinrin mọ́ra. Ìrèké náà wà, ṣùgbọ́n jíjẹ ni a ń jẹ ẹ́.

Lẹ́yìn tí àwọn ẹrú dìtẹ̀ ní 1791 ní ilẹ̀ tí a ń pè ní Haiti lónìí, oko ìrèké Cuba gbòòrò gidigidi. Nígbà tí Ọ̀yọ́ Ilé sì tú, tí ogun gba ilẹ̀ Yorùbá kan, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn wa ni a kó lọ sí Cuba àti Bahia. Lucumí ni wọ́n ń pè wọ́n ní Cuba, Nagô ni ní Bahia. Púpọ̀ nínú wọn ni ó gé ìrèké, tí ó sì dúró ti ìkòkò gbígbóná tọ̀sán tòru ní ìgbà ìkórè. (Kí a má purọ́, àwọn ará ilé wa wà lára àwọn tí ó tà wọ́n.) Ọdún 1886 ni oko ẹrú tó parí ní Cuba, ti Brazil di 1888.

Iṣẹ́ ìdí ìkòkò yìí náà ni àwọn ìyá wa ń ṣe nílé. Wọn a rin àgbọn, wọn a pò ó mọ́ omi, wọn a fún un, wọn a sì da ṣúgà sí omi funfun náà lórí iná. Wọn a máa ro ó láìdáwọ́dúró títí yóò fi dúdú. Bí wọ́n bá kán an sínú omi tútù tí ó sì dá pàkà, ó ti jinná: omi inú rẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gbẹ tán, ó sì dì bíi dígí. Wọn a fi òróró pa ọwọ́, wọn a ká a nígbà tí ó ṣì gbóná. Ẹlòmíràn a fi atalẹ̀ sí i fún ìtasánsán, tàbí omi ọsàn wẹ́wẹ́ díẹ̀, èyí tí kì í jẹ́ kí ṣúgà tún padà di yanrìn.

Ní 1964 ni ilé-iṣẹ́ Bacita, nítòsí Odò Ọya, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ṣúgà. Owó ọ̀yà ni wọ́n ń san fún àwọn tí ó gé ìrèké níbẹ̀.