Emeka Ogboh: Ẹni Tó Ń Fi Ariwo Gáréèjì Ṣiṣẹ́ Ọnà

Àwa tá a wà ní Kwangila, Zaria, ohùn agbèrò kò ṣàjèjì sí wa. Irú ohùn bẹ́ẹ̀, ti Èkó, ni Emeka Ogboh, ọmọ Ìgbò tí wọ́n bí ní 1977, máa ń gbà sílẹ̀ fi ṣiṣẹ́ ọnà.

Ṣùgbọ́n èyí tó kàn wá jù ni iṣẹ́ tó gbé lọ sí Venice, ní Ítálì, ní 2015. Àwọn akọrin ọmọ Áfíríkà tó ń gbé Berlin ló kó jọ, wọ́n kọ orin orílẹ̀-èdè Jámánì ní èdè abínibí mẹ́wàá. Yorùbá wà nínú ẹ̀ o! Ẹ̀rọ gbohùngbohùn mẹ́wàá ló gbé orin náà jáde. Tó o bá sún mọ́ ọ̀kan, wàá gbọ́ èdè tiẹ̀ ketekete.