Oedipus ọba Thebes: ọmọ tí wọ́n dè lẹ́sẹ̀

Nínú gbogbo ìtàn àtijọ́ ilẹ̀ Gíríìsì, ti Oedipus ló sún mọ́ àwa Yorùbá jù lọ, nítorí pé Ọlá Rótìmí ti mú un wá sórí ìtàgé ní Ilé-Ifẹ̀ ní ọdún 1968. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ka eré náà ní ilé ẹ̀kọ́ girama ní Nàìjíríà. Ẹ bi àwọn òbí yín, ó ṣeé ṣe kí wọ́n wà lára wọn. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ gbọ́ bí àwọn Gíríìkì ṣe sọ ọ́.

Laius ni ọba Thebes, ìlú kan ní àríwá ìwọ̀-oòrùn Athens tó ṣì wà títí dòní, tí wọ́n ń pè ní Thiva báyìí. Jocasta ni olorì rẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan wá láti ojúbọ òrìṣà Apollo ní Delphi, níbi tí obìnrin kan tí oyè rẹ̀ ń jẹ́ Pythia ti máa ń fi ẹnu rẹ̀ sọ ohun tí òrìṣà náà wí: ọmọ tí Jocasta bá bí fún Laius ni yóò pa á. Nígbà tí Jocasta bí ọkùnrin, Laius ní kí wọ́n gún ọmọ náà ní ọrùn ẹsẹ̀ méjèèjì, kí wọ́n dè é, kí wọ́n sì lọ gbé e jù sórí òkè Cithaeron. Àánú ọmọ náà ṣe darandaran tí wọ́n rán níṣẹ́. Ó gbé e fún darandaran mìíràn tó wá láti Corinth, ìyẹn náà sì gbé e lọ fún Polybus ọba Corinth àti ìyàwó rẹ̀ Merope, tí wọn kò bímọ.

Oedipus túmọ̀ sí ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ wú. Èèyàn lè rò pé ó jọ orúkọ àmútọ̀runwá bí Ìgè, ọmọ tó fi ẹsẹ̀ jáde nínú ìyá rẹ̀. Kò jọ ọ́. Oedipus kò mú ẹsẹ̀ wíwú tọ̀run wá. Bàbá rẹ̀ ló fi í ṣe é.

Ọmọ náà dàgbà. Ọ̀mùtí kan sọ fún un níbi àsè pé Polybus kọ́ ló bí i, ọ̀rọ̀ náà kò sì jẹ́ kó sinmi. Ó lọ sí Delphi láti béèrè àwọn tó bí i. Òrìṣà kò dáhùn ìbéèrè yẹn. Ohun tó sọ ni pé yóò pa bàbá rẹ̀, yóò sì fi ìyá rẹ̀ ṣe aya. Oedipus rò pé Polybus àti Merope ni ọ̀rọ̀ náà ń bá wí, ó sì búra pé òun kò ní padà sí Corinth mọ́. Ní oríta mẹ́ta kan, ó pàdé bàbá àgbàlagbà kan nínú kẹ̀kẹ́ ẹṣin. Wọ́n jà sí ọ̀nà, bàbá náà nà án lórí, Oedipus sì pa á pẹ̀lú àwọn tó tẹ̀ lé e. Ẹnì kan ṣoṣo ló sá là. Laius ni bàbá yẹn.

Ó dé Thebes, ó bá Sphinx níbẹ̀, abàmì ẹ̀dá tó ní orí obìnrin, ara kìnnìún àti ìyẹ́ ẹyẹ. Ẹni tí kò bá já àlọ́ rẹ̀, pípa ni. Àlọ́ náà ni pé: kí ni ó ń fi ẹsẹ̀ mẹ́rin rìn láàárọ̀, méjì lọ́sàn-án, mẹ́ta nírọ̀lẹ́? Oedipus ní ènìyàn ni, tó ń rá nígbà èwe, tó ń tẹ ọ̀pá lọ́jọ́ ogbó. Sphinx fò ṣubú, ó kú. Àwọn ará ìlú fi Oedipus jọba, wọ́n sì fún un ní olorì tí ọkọ rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ kú. Jocasta bí ọmọ mẹ́rin fún un: Eteocles, Polynices, Antigone àti Ismene.

Ibi tí eré Sophocles ti bẹ̀rẹ̀ rèé, èyí tó kọ ní nǹkan bí ọdún 429 ṣáájú ìbí Kristi. Àjàkálẹ̀ àrùn ń pa ìlú. Delphi ní kí wọ́n lé ẹni tó pa Laius jáde. Ọba fi ẹnu ara rẹ̀ gbé apànìyàn náà ṣépè, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá a. Ohun tí à ń wá lọ sí Sókótó, inú àpò ṣòkòtò ló wà. Tiresias, aríran afọ́jú, sọ òótọ́ fún un. Ó ní wọ́n gbìmọ̀ pọ̀ láti gba ìtẹ́ lọ́wọ́ òun ni. Jocasta ló kọ́kọ́ mọ̀. Ó bẹ ọkọ rẹ̀ pé kó má béèrè mọ́, ọkọ kọ̀. Jocasta pokùnso, Oedipus sì fi pín-ìnnì aṣọ rẹ̀ gún ojú ara rẹ̀ méjèèjì.

Gbogbo Gíríìkì kọ́ ló sọ ọ́ báyìí. Nínú Odyssey ti Homer, tó ti pẹ́ ju ti Sophocles lọ, Epicaste ni orúkọ ìyá náà, Oedipus sì ń jọba nìṣó ní Thebes lẹ́yìn ikú rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ èdè kan wà tó yẹ ká yanjú. Àwọn kan máa ń túmọ̀ Delphi sí Ifá. Ó wù mí kí wọ́n má ṣe bẹ́ẹ̀. Babaláwo kì í ka odù kó sì dákẹ́; yóò sọ ẹbọ tí a ó rú. Nínú ìtàn yìí, kò sẹ́ni tó sọ ẹbọ kankan fún Laius tàbí fún ọmọ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan bára mu dáadáa: moira, tí àwọn Gíríìkì ń pe kádàrá, ìtumọ̀ rẹ̀ gan-an ni ìpín, bí àwa náà ṣe ń pè é. Ibi tí wọ́n ti yàtọ̀ ni ẹni tó pín in. Àwa ní àkúnlẹ̀yàn, pé èèyàn fúnra rẹ̀ ló kúnlẹ̀ yan orí. Lọ́dọ̀ tiwọn, obìnrin mẹ́ta ni: Clotho ń ran òwú, Lachesis ń wọ̀n ọ́n, Atropos ń gé e. Kò sẹ́ni tó bi ọmọ ènìyàn pé èwo ló fẹ́.

Bóyá ìdí nìyẹn tí Rótìmí fi pe eré tirẹ̀ ní The Gods Are Not to Blame, pé kí a má di ẹ̀bi ru àwọn òrìṣà. Ìlú Kutuje ni Thebes tirẹ̀, Odewale ni Oedipus, Ojuola ni Jocasta, Baba Fakunle sì ni aríran afọ́jú. Sphinx kò sí níbẹ̀; ogun tí Odewale kó ja àwọn ará Ikolu ló sọ ọ́ di ọba. Ìyàtọ̀ tó wúwo jù ni ti ìpànìyàn. Orí ilẹ̀ oko, nítòsí Ẹdẹ, ni Odewale àti bàbá àgbàlagbà náà ti jà, bàbá náà sì bú ẹ̀yà tí Odewale rò pé òun ti wá. Èébú yẹn ló mú un bínú pààyàn, òun fúnra rẹ̀ ló sì jẹ́wọ́ bẹ́ẹ̀ ní ìparí eré. Ogun abẹ́lé Nàìjíríà, láti 1967 dé 1970, ń lọ lọ́wọ́ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe eré náà. Rótìmí sọ lẹ́yìn náà pé àwọn ọlọ́run inú àkọlé òun kì í ṣe òrìṣà ilẹ̀ Yorùbá, bí kò ṣe àwọn orílẹ̀-èdè alágbára ayé tí wọ́n ń di ẹ̀bi ogun náà rù.