Lílé, Ègbè àti Ohùn Tí Kò Lójú

Òṣìṣẹ́ wà lóòrùn, ẹni tí yóò jẹ ẹ́ wà ní ìbòòji. Ẹnìkan ń kọ ebè, ẹnìkan jókòó sábẹ́ igi, ó ń retí iyán. Òwe náà ò ní ìtumọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Martha Wash ló mú mi rántí rẹ̀, akọrin ijó ọmọ San Francisco tí wọ́n bí ní 1953, tó fi orin ṣọ́ọ̀ṣì bẹ̀rẹ̀.

Nínú orin tiwa, lílé wà, ègbè wà. Àwọn ènìyàn máa ń fojú ọmọ-ẹ̀yìn wo elégbè. Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀. Bí ayẹyẹ bá tú, ègbè ni àlejò ń kọ relé. Bí elégbè bá sì panu mọ́, ẹni tó ń lé orin á kàn dá sọ̀rọ̀ ni. Lóòótọ́, a lè má mọ orúkọ elégbè, ṣùgbọ́n a rí i lórí ìdúró, a mọ aṣọ tó wọ̀. Elégbè lójú. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn.

Elégbè ni Wash nígbà tó wà pẹ̀lú akọrin kan, Sylvester. Òun àti Izora Armstead ló wà lẹ́yìn ọkùnrin olóhùn tín-ín-rín yẹn nínú “You Make Me Feel (Mighty Real)” ní 1978. Àwọn méjèèjì sanra, wọn ò sì fi bò: Two Tons O' Fun ni wọ́n ń jẹ́. Ní 1982, wọ́n di Weather Girls, wọ́n bọ́ sípò lílé pẹ̀lú “It's Raining Men”. Ọ̀pọ̀ ló rò pé àwọn ló kọ ọ́ sílẹ̀. Paul Jabara àti Paul Shaffer ló kọ ọ́. Donna Summer ti kọ̀ ọ́ kó tó kàn wọ́n. Ní 1984, ó dé ipò kejì ní ìlú ọba.

Ìgbà tó di 1990 ni nǹkan yí padà. Wash kọrin ní sítúdíò, wọ́n sanwó iṣẹ́ fún un, ó bá tiẹ̀ lọ. Nínú fídíò Black Box, ẹgbẹ́ àwọn ará Ítálì, Katrin Quinol tó rí pẹ́lẹ́ńgẹ́ ló ń la ẹnu sí ohùn Wash. Nínú ti C+C Music Factory, Zelma Davis ni. Ohùn kan, ojú méjì, kò sì sí èyí tó jẹ́ ti olóhùn nínú wọn. Wash ló lé orin, síbẹ̀ wọn ò fún un ní àyè elégbè pàápàá. Mi ò bá Davis wí o: òun náà mọ orin kọ, ohùn tirẹ̀ ló wà nínú àwọn orin mìíràn nínú àwo kan náà. Àwọn tó wà nídìí fídíò ló pinnu pé obìnrin tó sanra ò yẹ lójú.

“Gonna Make You Sweat”, orin C+C yẹn, gba ipò kìíní ní Amẹ́ríkà ní 1991. Wash gbé àwọn tó wà nídìí orin ẹgbẹ́ méjèèjì lọ sílé ẹjọ́. Wọ́n máa ń sọ pé ẹjọ́ náà ló di òfin tó fi dandan lé kíkọ orúkọ akọrin. Kò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n fi ọ̀rọ̀ náà ṣe àdéhùn ni. RCA, ilé-iṣẹ́ tó ń ta àwo Black Box ní Amẹ́ríkà, fún un ní ìwé iṣẹ́ tirẹ̀; Sony, ilé-iṣẹ́ àwo C+C, sì ní kí MTV kọ orúkọ rẹ̀ sí fídíò.

Òwe mi dà? Ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lọ́wọ́ mi. Ìbòòji tí mo ń wí gan-an nìyí: ní Amẹ́ríkà, bí rédíò FM bá gbé orin sáfẹ́fẹ́, ẹni tó kọ ọ́ sílẹ̀ ló ń gbowó, ẹni tó fi ohùn kọ ọ́ kì í gba kọ́bọ̀. Orúkọ lórí fídíò ò tíì mú Wash kúrò lóòrùn. Síbẹ̀, ní 1993, ó gbé àwo jáde lórúkọ ara rẹ̀, méjì nínú orin inú rẹ̀ sì gba ipò kìíní láàárín orin ilé ijó. Lẹ́yìn náà ló dá ilé-iṣẹ́ àwo orin tirẹ̀ sílẹ̀, Purple Rose. Ibẹ̀ ni Love & Conflict ti jáde ní 2020; ẹni ọdún 66 ni nígbà náà, ó ti yà kúrò lójú ọ̀nà ijó, ó ń kọ soul.