Otis Redding: Àwọn Àwo Orin Rẹ̀ àti Bí Ohùn Wọn Ṣe Rí

Otis Redding (1941–1967) jẹ́ olórin soul ọmọ Amẹ́ríkà. Dawson ní ìpínlẹ̀ Georgia ni wọ́n bí i sí, Macon ló sì gbé dàgbà. Ní 1962, àwọn òṣèré péjọ sí sítúdíò Stax ní Memphis nítorí Johnny Jenkins onígìtá. Àkókò tó ṣẹ́ kù ni wọ́n fi gba “These Arms of Mine” sílẹ̀ fún Redding.

Ilé sinimá ni Stax tẹ́lẹ̀, ilẹ̀ rẹ̀ sì ṣì dà gẹ̀rẹ́ nígbà náà bó ṣe wà nígbà tí àga òǹwòran wà níbẹ̀. Ohùn máa ń ráyè rìn nínú gbọ̀ngàn náà, ìyẹn wà lára ohun tó jẹ́ kí ìlù Al Jackson àti àwọn fèrè dún kíkún nínú àwo. Gbogbo wọn ló ń ṣeré pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ̀rọ mónò wọn ń po ohùn gbogbo pọ̀ sójú kan, kò sì sí bí èèyàn ṣe lè yọ ti ẹnì kan kúrò. Bí onífèrè bá ṣì í, àfi kí wọ́n tún un bẹ̀rẹ̀ látorí.

Ní 1965, Tom Dowd, ẹlẹ́rọ ohùn ilé-iṣẹ́ Atlantic, gbé ẹ̀rọ olójú méjì wá. Bí àwo *Otis Blue*, tí wọ́n fi nǹkan bí ọ̀sán kan òru kan gbà ní oṣù Keje ọdún náà, ṣe jáde ní mónò àti sitẹ́ríò nìyẹn. Mónò nìkan ni wọ́n ti gba “I've Been Loving You Too Long” sí ṣáájú. Redding ní láti tún un kọ fún ti sitẹ́ríò. Nítorí náà, orin yìí kì í ṣe ọ̀kan náà nínú àwo méjèèjì. Sitẹ́ríò tú àwọn ohun èlò ká sápá ọ̀tún àti òsì. Mónò ló lágbára jù, torí ìlù, gìtá àti ohùn jọ ń dé etí pọ̀ ni. Ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ Redding bí àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ ṣe gbọ́ ọ lórí rédíò, mónò ni kó wá. Ilé-iṣẹ́ Rhino kó méjèèjì jáde pọ̀ ní 2008.

Lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ ọ̀nà ọ̀fun, Redding gba “(Sittin' On) The Dock of the Bay” sílẹ̀ ní oṣù Kọkànlá 1967. Àwọn kan ní ọ̀rọ̀ ló tán lẹ́nu rẹ̀ tó fi súfèé níparí; àwọn mìíràn ní ó ti pète rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ̀rí àwọn tó wà níbẹ̀ kò bára mu. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kejìlá, ọkọ̀ òfuurufú rẹ̀ já sínú adágún Monona ní Wisconsin, ó sì kú. Steve Cropper, tí wọ́n jọ kọ orin náà, ló parí iṣẹ́ lórí rẹ̀, tó fi ìró ìgbì òkun àti igbe ẹyẹ etíkun kún un. Ó jáde ní oṣù Kìíní 1968, òun sì ni orin àkọ́kọ́ tó gba ipò kìíní lórí àtẹ Billboard Hot 100 lẹ́yìn ikú ẹni tó kọ ọ́.