Ọba Kọ́ Ló Bí Kotoko

Bí ọjọ́ 31 oṣù Kẹjọ, ọjọ́ àjọyọ̀ Asante Kotoko, bá ti ń súnmọ́, ọ̀rọ̀ kan náà ni a ó tún máa gbọ́ ní Kumasi: pé Asantehene, ìyẹn ọba gbogbo Asante, Prempeh II, ló dá ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù náà sílẹ̀ ní 1935. Sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ á sọ ọ́, ẹni tó ń kọ ìtàn ṣókí á tún un kọ, ọmọ ilé ẹ̀kọ́ á kà á, á sì gbà á bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà ti sú mi. Kì í ṣe pé irọ́ ni látòkèdélẹ̀. Ọdún ńlá ni 1935, ọba náà sì ṣe ohun tó ṣe. Ohun tó ń bí mi nínú ni pé ọ̀rọ̀ yìí gba iṣẹ́ lọ́wọ́ àwọn tó ṣe é, ó sì gbé e lé ẹni mìíràn lọ́wọ́.

Ìtàn tí ẹgbẹ́ náà fúnra rẹ̀ ń sọ kò fara pamọ́. Ní 1924, Kwasi Kumah, ọ̀dọ́mọkùnrin ará Kumasi tó ń wakọ̀ fún òyìnbó ológun kan tó ń jẹ́ Kọ́nẹ̀lì Ross, wà ní Accra, ó sì wo ibi tí Hearts of Oak ti ń gbá bọ́ọ̀lù. Hearts ti wà láti 1911, ará etíkun sì ti mọ bọ́ọ̀lù ṣáájú ìgbà yẹn. Ohun tí Kumah rí kò kúrò lọ́kàn rẹ̀. Nígbà tó padà sílé, òun àti L. Y. Asamoah, oníṣẹ́ iná mànàmáná, kó àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn jọ ní 1926. Àwọn mẹ́tàlá ló dáwó tí wọ́n fi ra aṣọ àkọ́kọ́, àwọ̀ aṣọ náà ni wọ́n sì wò tí wọ́n fi ń jẹ́ Rainbow, ìyẹn òṣùmàrè. Bí wọ́n ṣe ń pàdánù kò jẹ́ kí orúkọ náà pẹ́. Wọ́n di Ashanti United ní 1931, lẹ́yìn náà Titanics, wọ́n tún di Mighty Atoms ní 1934. Ní 1935 ni tíṣà kan, J. S. K. Frimpong, dábàá pé kí wọ́n máa jẹ́ Kotoko, orúkọ òòrẹ̀, ẹranko ẹlẹ́gùn-ún lára tí Asante fi ṣe àmì ara wọn. Nítorí pé àmì gbogbo Asante ni, wọ́n ní láti tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ Asantehene. Prempeh II yọ̀ǹda, ó sì di bàbá ìsàlẹ̀ ẹgbẹ́ náà.

Ìtọrọ yẹn gan-an ni ẹ̀rí tí àwọn tó kọ ìtàn ṣáájú wa ń tẹ̀ mọ́lẹ̀ kọjá. Ta ni í lọ tọrọ orúkọ fún ohun tí kò tíì sí? Ọdún mẹ́sàn-án ni àwọn ọ̀dọ́ yìí fi gbá bọ́ọ̀lù kí wọ́n tó kúnlẹ̀ níwájú ọba, ṣùgbọ́n nínú ìwé wọn, ìlà méjì ni ọdún mẹ́sàn-án náà ń gbà. Wọ́n á ní Rainbow kọ́ ni Kotoko, pé ẹgbẹ́ tó ń pààrọ̀ orúkọ ṣáá kò tíì fìdí múlẹ̀. Yorùbá kọ́ ni wọ́n lè sọ ìyẹn fún. Ọjọ́ kẹjọ la ń sọ ọmọ lórúkọ, kò sì sí ìyá tó ń ka ọjọ́ orí ọmọ rẹ̀ láti ọjọ́ ìkómọ. Wọ́n á tún ní láìsí ọwọ́ ọba, ẹgbẹ́ náà ì bá ti tú ká. Ó ṣeé ṣe bẹ́ẹ̀, n kò sì ní jiyàn rẹ̀. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Ṣùgbọ́n àgbà tó bá wọn tún orí ọmọ ṣe kọ́ ló pọ̀n ọ́n wá sọ́jà. Ní ti àwọn tó ń tọ́ka sí ọ̀rọ̀ ogun tí ẹgbẹ́ náà fi ṣe àkọmọ̀nà, pé bí a bá pa ẹgbẹ̀rún, ẹgbẹ̀rún mìíràn á dé, ọ̀rọ̀ Asante àtijọ́ ni. Ó dàgbà ju bọ́ọ̀lù lọ ní ilẹ̀ náà, kò sì jẹ́rìí sí ẹni tó dá ẹgbẹ́ kankan sílẹ̀.

Ibi tó yẹ ká dúró sí ni ọdún mẹ́rin yìí: 1924, 1926, 1931, 1935. Ẹ kọ wọ́n sílẹ̀, kí ẹ wá kọ ìtàn ààfin sí ẹ̀gbẹ́ wọn. Ní 1896 ni òyìnbó mú Prempeh I, Asantehene ìgbà náà, kúrò nílùú. Wọ́n gbé e lọ sí Sàró, wọ́n sì gbé e dé erékùṣù Seychelles ní 1900. Oṣù Kọkànlá 1924 ló tó padà wọ Kumasi. Ní 1926 ìjọba gbà kó jẹ Kumasihene, ọba ìlú kan ṣoṣo, kì í ṣe ti gbogbo Asante. Ó wàjà ní 1931, Prempeh II sì gorí oyè Kumasihene náà. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kíní 1935 ni ìjọba dá ìṣọ̀kan àwọn ìlú Asante padà, tí Kumasihene sì tún di Asantehene. Nínú ọdún mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, nǹkan ṣẹlẹ̀ láàfin, nǹkan sì ṣẹlẹ̀ nínú ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù. Kò sí ìkankan nínú àwọn ìtàn tí mo ń bá wí yìí tó to ọdún ìtàn méjèèjì síra báyìí, ó sì yà mí lẹ́nu. Ìtumọ̀ rẹ̀ lè jẹ́ pé ohun tó ń gbé ìlú nínú ń gbé àwọn ọ̀dọ́ náà nínú: ọba ti ìgbèkùn dé, Kumasi sì fẹ́ ohun tí yóò gbé pàdé Accra. Orúkọ Ashanti United gbe èyí lẹ́sẹ̀, nítorí àwọn agbábọ́ọ̀lù ti fi ìṣọ̀kan Asante sórúkọ ní ọdún mẹ́rin gbáko kí ìjọba tó fọwọ́ sí i. Ó sì lè jẹ́ pé àwọn tó sọ ìtàn náà lẹ́yìn náà ló fi ọdún ọba ṣe òdiwọ̀n, gẹ́gẹ́ bí àwọn ìyá wa àtijọ́ ṣe fi àjàkálẹ̀ àrùn lúkúlúkú ti 1918 ka ọjọ́ orí ọmọ. Bí ó bá jẹ́ èyí kejì, a jẹ́ pé ìtàn ààfin ti ń gbé ìtàn àwọn ọ̀dọ́ náà mì kí ẹnikẹ́ni tó sọ pé ọba ló dá ẹgbẹ́ sílẹ̀.

Ṣùgbọ́n ohun kan wà tí ẹni tó ń fi ìtàn yin ọba kò ní hùmọ̀ láéláé: iṣẹ́ ọwọ́ Kumah àti Asamoah. Dírẹ́bà àti oníṣẹ́ iná, iṣẹ́ tí bàbá wọn kò mọ̀. Ojú irin láti Sekondi ti dé Kumasi ní 1903, ṣùgbọ́n ti Accra kò dé ibẹ̀ títí di 1923, ọdún kan péré kí Kumah tó wo bọ́ọ̀lù yẹn. Accra àti Kumasi ṣẹ̀ṣẹ̀ di aládùúgbò ni. Asamoah ló wá gbà mí lọ́kàn jù. Ìtàn pè é ní oníṣẹ́ iná ní 1926, bẹ́ẹ̀ iná ìjọba kò tíì tàn ní Kumasi ní 1926. Ọdún yẹn ni iṣẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀; 1927 ló tàn, alaalẹ́ nìkan ni wọ́n sì kọ́kọ́ ń tàn án. Níbo wá ni oníṣẹ́ iná ti ń ṣiṣẹ́? Ṣé lára àwọn tó ń ri òpó tó ń fa wáyà ni? Ṣé rélùwéè ni, àbí bárékè, níbi tí dírẹ́bà Kọ́nẹ̀lì ti lè bá a pàdé lójoojúmọ́? Bí ó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, àwọn òṣìṣẹ́ tó ń fi ọwọ́ ara wọn sọ Kumasi di ìlú tuntun ló bí Kotoko, kì í ṣe ààfin tó ń wá ògo àtijọ́ rẹ̀ padà.

Orúkọ náà pàápàá ní ìtàn tí a kò tíì tú. Ní 1916 ni àwọn ọ̀dọ́ tó kàwé ní Kumasi dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní Asante Kotoko, ẹgbẹ́ tó ń bẹ ìjọba pé kí wọ́n dá Prempeh I padà sílé. Orúkọ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tí àwọn agbábọ́ọ̀lù kọ́kọ́ jẹ́, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo rẹ̀. Ìkarùn-ún nìkan ni Twi, tíṣà ló sì mú un wá. Ṣé òòrẹ̀ ojú ogun ni tíṣà Frimpong ní lọ́kàn ni, àbí ẹgbẹ́ àwọn akọ̀wé tó ti jẹ́ orúkọ yìí ṣáájú? Ẹni tó bá fẹ́ kọ ìtàn tuntun, kó fi orúkọ àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ti 1916 wé ti àwọn mẹ́tàlá tó dáwó aṣọ. Ibẹ̀ ni mo ti máa bẹ̀rẹ̀. Títí di ìgbà náà, ẹ jẹ́ ká máa fi 31 oṣù Kẹjọ ṣe àjọyọ̀ ìkómọ, ká sì máa dárúkọ Kwasi Kumah àti L. Y. Asamoah níbẹ̀. Ní 1926, iná ìjọba kò tíì tàn ní Kumasi, ìjọba òyìnbó kò sì pe ẹnikẹ́ni ní Asantehene. Ẹgbẹ́ náà ti wà.