Ẹ̀bi Tí Kì í Ṣe Ti Ìyá

Àbúrò mi kì í wojú ẹni, kò sì tètè sọ̀rọ̀. Dókítà ní ọ́tísìm ni. Àwọn ará àdúgbò ń bi màmá mi pé kí ló ṣe fọ́mọ. Ìdí nìyí tí mo fi wá ìtàn náà kà.

Ní ọdún 1943, Leo Kanner, dókítà kan ní Baltimore, kọ̀wé nípa ọmọ 11 tí ìṣe wọn jọ ti àbúrò mi. Ó ní àbímọ́ ni, ṣùgbọ́n ó fi kún un pé díẹ̀ nínú òbí wọn ló lọ́yàyà. Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yìí ni àwọn mìíràn dì mú. Ní 1967, Bruno Bettelheim kọ ìwé tó di ẹ̀bi náà ru òbí.

Ìbejì ló tú àṣírí ọ̀rọ̀ náà. Ní 1977, Susan Folstein àti Michael Rutter ṣàyẹ̀wò ìbejì 21, ìyẹn ọmọ 42, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nínú ìbejì 11 tó ti inú ẹyin kan ṣoṣo wá, Táíwò àti Kẹ́hìndé jọ ní ọ́tísìm nínú 4. Nínú ìbejì 10 tó ti inú ẹyin méjì wá, kò sí ibi tí àwọn méjèèjì ti ní in. Bó bá jẹ́ ọwọ́ tí ìyá fi tọ́ wọn ni, kí ló fa ìyàtọ̀ yìí? Ohun tí a jogún lọ́wọ́ nínú rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òun nìkan kọ́.

Ogún kì í sì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Kò sí ìyá tó yan èyí tí ọmọ rẹ̀ máa jẹ.

Mo ka ibẹ̀ fún màmá mi. Ó ní kí n tún un kà.