Àlùfáà Samuel Johnson, Olùṣọ́-Àgùntàn Ìjọ Ọ̀yọ́ àti Òpìtàn Ilẹ̀ Yorùbá

Orúkọ Àlùfáà Samuel Johnson kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni tí ó bá ti gbìyànjú láti wádìí ìtàn ilẹ̀ wa. Ìwé rẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú wa máa ń kọ́kọ́ ṣí nígbàtí àríyànjiyàn bá dé lórí oyè, lórí ogun, tàbí lórí ìṣẹ̀dálẹ̀ ìlú kan. Ṣùgbọ́n àwọn tí ń ka ìwé náà pọ̀ ju àwọn tí ó mọ irú ènìà tí ó kọ ọ́ lọ. Àwọn tí ó sì mọ̀ pé díẹ̀ ni ó kù kí ìwé náà ṣègbé kò tó nǹkan. Nítorínà ni àwa ṣe fẹ́ rántí rẹ̀ nínú ìwé kékeré yìí.

Ìlú Hastings ní Sàró ni a bí i sí, li ọjọ́ 24 oṣù kẹfà, ọdún 1846. Baba rẹ̀, Henry Johnson, jẹ́ ọmọ Ọ̀yọ́ láti ìran Aláàfin Abíọ́dún, ọ̀kan nínú àwọn tí ogun kó lẹ́rú tí a sì dá sílẹ̀ ní Sàró. Li ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1858 ó kó aya àti àwọn ọmọ rẹ̀ wá sí Ìbàdàn láti bá Àlùfáà David Hinderer ṣiṣẹ́ Ìhìnrere. Ilé tí ó kún fún ọmọ àmúyangàn ni ilé náà: Henry ọmọ rẹ̀ di Áṣídíákónì ní ilẹ̀ odò Ọya, Nathaniel di àlùfáà, Obadiah sì di dókítà. Samuel ṣì kéré nígbàtí ogun Ìjàyè bẹ́ sílẹ̀ li ọdún 1860, tí a sé ọ̀nà, tí oúnjẹ sì di ọ̀wọ́n ní ilé míṣọ́nnárì ní Ìbàdàn. Láti ìgbà èwe rẹ̀ ni ó ti fi ojú ara rẹ̀ rí ohun tí ogun ń ṣe.

Li ọdún 1863 ó lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ ti Ẹgbẹ́ C.M.S. ní Abẹ́òkúta. Li ọdún 1866 ó padà wá kọ́ àwọn ọmọ ní Kúdẹtì, lẹ́hìn náà a sì fi í ṣe alábòójútó ilé-ìwé Kúdẹtì àti ti Àrẹ̀mọ. Ó di olùkọ́ ìjọ li ọdún 1875, ó gba oyè díákónì li ọdún 1880, a sì rán an lọ sí Ọ̀yọ́ li ọdún 1881. Li ọdún 1888 ni a tó fi í jẹ àlùfáà. Ogún ọdún gbáko ni ó fi ṣe olùṣọ́-àgùntàn ní Ọ̀yọ́.

Kò tíì pẹ́ ní Ọ̀yọ́ tí iṣẹ́ mìíràn fi já lé e léjìká. Ogun Kírìjì ń jà lọ́wọ́ nígbànáà: àwọn Ìbàdàn dó sí Igbájọ, Èkìtì Parapọ̀ dó sí ìhà Ìmẹ̀sí, ọ̀nà Èkó kò sì ṣeé gbà láìsí ewu. Li ọdún 1881 kan náà Aláàfin Adéyẹmí kọ ìwé sí Gómìnà ní Èkó láti bẹ̀ ẹ́ pé kí ó bá wọn dá sí ogun náà. Johnson ni ó gbé ìwé náà lọ. Ẹ̀bẹ̀ náà kò so èso lójúkannáà. Li ọdún 1886, lẹ́hìn ikú Ààrẹ Látòósà ní ibùdó, Gómìnà Moloney yan àlùfáà méjì láti ṣe ikọ̀ àlàáfíà: Johnson, àti Charles Phillips, olùṣọ́-àgùntàn Oǹdó. Ọgbọ́n ńlá ni èyí. Ẹnìkan ṣoṣo kò lè tẹ́ ìhà méjèèjì lọ́rùn. Nítorínà Johnson bá Aláàfin àti àwọn Ìbàdàn sọ̀rọ̀, Phillips sì bá àwọn Ìjẹ̀ṣà àti Èkìtì sọ. Nínú oṣù kẹfà ọdún náà ni a ṣe ìwé àdéhùn àlàáfíà, nígbàtí ó sì di oṣù kẹsàn-án àwọn ọmọ-ogun kúrò ní Kírìjì. Ṣùgbọ́n ìjà Ìbàdàn pẹ̀lú Ìlọrin ṣì kù, èyí tí kò parí títí di ọdún 1893.

Ẹnití ó ń lọ tí ó ń bọ̀ láàrin ọba àti balógun báyìí ni ó ń kó ìtàn jọ. Ó dùn ún pé àwọn ọ̀mọ̀wé wa mọ ìtàn Gíríìkì, ti Róòmù àti ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ṣùgbọ́n wọn kò mọ ti baba wọn, bẹ́ẹ̀ ni àwọn àgbà sì ń kú lọ. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ìgbà láéláé, ó gbà á lẹ́nu àwọn arọ́kìn ààfin Ọ̀yọ́. Láti ìgbà Aláàfin Abíọ́dún wá, ó lọ bá àwọn tí ọ̀ràn ṣojú wọn, l'ọ́kùnrin l'óbìnrin. Ó dárúkọ David Kúkọ̀mí, baba ìjọ Ìbàdàn, àti Josiah Oni, àti Lágúnjú tí ó ti jẹ Tìmì Ẹdẹ rí, nínú àwọn tí ó ràn án lọ́wọ́. Èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó fi kọ ọ́, ó sì parí rẹ̀ li ọdún 1897.

Li ọdún 1899 a fi ìwé àfọwọ́kọ náà ránṣẹ́ sí òǹtẹ̀wé kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ó wọlé, kò jáde. Nígbàtí Dókítà Obadiah dé ibẹ̀ li ọdún 1900 láti bèèrè, èsì tí ó rí gbà ni pé ìwé náà ti sọnù, àti pé òǹtẹ̀wé ṣe tán láti san owó rẹ̀. Owó wo ni a lè fi ra làálàá tí ó ju ogún ọdún lọ? Li ọjọ́ 29 oṣù kẹrin, ọdún 1901, Àlùfáà Johnson sùn nínú Olúwa láìfi ojú rí ìwé rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ó fi àkọsílẹ̀ àti àwọn ìwé tí ó kọ́kọ́ fi ọwọ́ kọ sílẹ̀. Láti inú ìwọ̀nyí ni Obadiah ti tún gbogbo ìwé náà kọ. Li oṣù kìíní ọdún 1916 ó fi í ránṣẹ́ nínú ọkọ̀ Appam. Àwọn Jámánì gba ọkọ̀ náà lójú òkun, wọ́n sì gbé e lọ sí Amẹ́ríkà. Ó tó bí ọdún méjì kí ìwé náà tó dé ọwọ́ àwọn òǹtẹ̀wé, nígbànáà ogun ti mú kí tákàdá wọ́n gógó. Dókítà ní kí wọ́n dá a padà, òun tìkararẹ̀ sì gbé e lọ lẹ́hìn ogun. Obadiah kú li ọdún 1920. Ìwé náà jáde li ọdún 1921, ojú-ewé rẹ̀ ju 600 lọ.

A kò wí pé ìwé náà kò ní àbùkù. Láti Ọ̀yọ́ ni Johnson dúró tí ó ń wo gbogbo ilẹ̀ Yorùbá, àwọn Ìjẹ̀ṣà, Èkìtì àti Ẹ̀gbá sì ní ohun tí wọ́n lè fi kún un tàbí tí wọ́n lè bá a jiyàn lé lórí. Òun náà mọ èyí, ó sì retí pé kí àwọn ẹlòmíràn kọ ti ìlú wọn. Akínyẹlé kọ ti Ìbàdàn, Lósì kọ ti Èkó, Ajíṣafẹ́ kọ ti Abẹ́òkúta; síbẹ̀ ìlú tí a kò tíì kọ ìtàn wọn ṣì pọ̀.

Àwọn baba wa a máa wí pé bí ọmọdé kò bá bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá, àrọ́bá sì ni baba ìtàn. Ṣùgbọ́n àrọ́bá pàápàá ń bá ẹni tí ó mọ̀ ọ́n wọ ilẹ̀. Nítorínà, ẹ̀yin òǹkàwé wa, ẹ lọ jókòó ti àwọn àgbà ìlú yín nígbàtí wọ́n wà lááyè. Ẹ kọ orúkọ ẹni tí ó sọ̀rọ̀ àti ọjọ́ tí ó sọ ọ́. Bí ẹ bá sì fẹ́ fi ìwé yín ránṣẹ́ sí ibikíbi, ẹ kọ́kọ́ dà á kọ, kí ọ̀kan sì kù sílé. Ọpẹ́lọpẹ́ àwọn ìwé tí ó kù sílé ni iṣẹ́ Johnson kò fi ṣègbé.